Oṣù Méje Lórí Nọ́ńbà Ẹlòmíràn

Ọjọ́ kẹrin, oṣù kejì

Bàbá mi ọ̀wọ́n,

Mo kúnlẹ̀ kí yín o. Ẹ kú ilé, ẹ kú ojú lọ́nà, ẹ sì kú ìfaradà màámi. Ṣé orúnkún yín ti ń gba àtẹ̀gùn báyìí? Èmi wà dáadáa níbí. Òtútù nìkan ló ń bá mi jà, òun náà sì ti mọ̀ pé mi ò ní tìtorí ẹ̀ kó ẹrù mi.

Ìròyìn wà, ẹ jókòó kí ẹ tó kà á. Mo yege ìdánwò náà. Láti ọ̀sẹ̀ tó kọjá ni ọmọ yín ti di awakọ̀ bọ́ọ̀sì. Wọ́n fún mi ní kóòtù aláwọ̀ búlúù tó gùn dé orí ìka ọwọ́ mi. Lọ́jọ́ àkọ́kọ́, ẹsẹ̀ mi ń gbọ̀n lórí búréèkì débi pé èrò kan bi mí bóyá mọ́tò ló ń ṣàìsàn tàbí èmi. Ẹ ò ní gbàgbọ́ bí nǹkan ṣe rí níbí. Káàdì ni awakọ̀ fi ń ṣí mọ́tò. Bí káàdì náà ò bá jẹ́ tìẹ, mọ́tò ò ní ṣí. Ẹ̀rọ kan ń kọ ẹni tó wà á sílẹ̀, ìgbà tó gbéra, ìgbà tó dúró, àti iye ìgbà tó tẹ búréèkì lójijì. Bí mo bá sín, bóyá ó ń kọ ìyẹn náà.

Ó wá ku ọ̀rọ̀ kan. Màámi sọ fún mi lórí fóònù pé ẹjọ́ tí ẹ̀yin awakọ̀ tó ti fẹ̀yìn tì pe ilé iṣẹ́ bọ́ọ̀sì ti fẹ́rẹ̀ẹ́ dé iwájú adájọ́. Mo mọ ohun tó wà nínú ẹ̀ fún yín. Lọ́dún yẹn lọ́hùn-ún, wọ́n fi tipátipá ní kí ẹ lọ sinmi nílé fún oṣù méje láìgbowó, wọ́n sì kọ̀ láti ka oṣù méje náà mọ́ iṣẹ́ yín. Nítorí ẹ̀, ọdún mẹ́rìnlélógún àti oṣù mẹ́jọ ló wà nínú ìwé wọn. Ẹni tí ò bá sì pé ọdún márùndínlọ́gbọ̀n, ìdajì owó ìfẹ̀yìntì ni tirẹ̀ títí ayé. Màámi ní ẹni mọ́kànlélọ́gọ́ta ló ti buwọ́ lu ìwé ìbúra tí lọ́yà kọ, pé lóòótọ́ làwọn fi oṣù méje náà jókòó sílé. Wọ́n ní ẹ̀yin nìkan lẹ kọ̀.

Bàbá mi, kí ló dé? Ẹ jọ̀ọ́, ẹ buwọ́ lù ú.

Ọmọ yín.


Ọjọ́ kẹtàlélógún, oṣù kejì

Ọmọ mi, Ọ̀gá Awakọ̀,

Mo kí ẹ tayọ̀tayọ̀. Mo ka lẹ́tà rẹ lẹ́ẹ̀mẹta: ẹ̀ẹ̀kan fún ara mi, ẹ̀ẹ̀kan fún ìyá rẹ, ẹ̀ẹ̀kan fún onígbàjámọ̀ tó wà níwájú ilé wa, tí ò tilẹ̀ béèrè. Ìyá rẹ ní kí n má sọ ọ́ fún gbogbo ayé. Mo ti sọ ọ́ tán kó tó sọ bẹ́ẹ̀.

Gbọ́ ìmọ̀ràn àgbà. Ìgbà tí òjò bá ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀ ni títì máa ń yọ̀ jù, kì í ṣe ìgbà tó bá ti rọ̀ pẹ́. Má fi ẹsẹ̀ sùn lórí búréèkì. Bí arúgbó bá wọlé, jẹ́ kó fìdí lélẹ̀ kí o tó gbéra. Àwọn tó ń kánjú á bú ẹ. Jẹ́ kí wọ́n bú ẹ, èébú kì í so. Ní ti ẹ̀rọ tó mọ ojú awakọ̀ yẹn, ó pa mí lẹ́rìn-ín, ó sì tún dá mi dúró lórí àga fún ìgbà díẹ̀. Láyé tiwa, irin pẹlẹbẹ tí wọ́n kọ nọ́ńbà sí ni wọ́n ń fún awakọ̀ kó so mọ́ àyà. Irin ò mọ ojú.

Mi ò ní buwọ́ lu ìwé ìbúra náà. Má jẹ́ kó dùn ẹ́. Mò ń jẹ, mò ń mu, mò ń sùn, ìyá rẹ sì ń bá mi jà lójoojúmọ́; kí ni ọkùnrin tún ń wá? Ìdajì tí wọ́n ń fún wa ń tó wa. Ọ̀rọ̀ tó wà nídìí ẹ̀ kì í ṣe tèmi nìkan, nítorí náà jẹ́ kó sùn síbi tó sùn sí. Má sì pè mí lórí fóònù nítorí ẹ̀. Fóònù yẹn, ti ìyá rẹ ni. Bí ẹ̀yin méjèèjì bá fi máa sọ̀rọ̀ tán, ilẹ̀ á ti ṣú.

Bàbá rẹ.


Ọjọ́ kẹtàdínlógún, oṣù kẹta

Bàbá mi,

Mo kí yín o. Mo kí màámi. Òjò rọ̀ níbí lọ́jọ́ Ìṣẹ́gun, mo ṣe bí ẹ ṣe ní kí n ṣe, mọ́tò mi ò yọ̀, ti ẹni tó wà níwájú mi yọ̀. Ẹ ṣeun.

Ṣùgbọ́n inú ń bí mi sí yín, mi ò ní bò ó. Ẹ ní ìdajì ń tó yín. Ta lẹ ń tàn? Òrùlé ẹ̀yìnkùlé ti ń jò láti ọdún tó kọjá, abọ́ mẹ́ta lẹ sì ń gbé sábẹ́ ẹ̀. Màámi ló sọ fún mi, kì í ṣe ẹ̀yin. Ẹ wá ní kí n jẹ́ kó sùn. Bàbá mi, nígbà tí ẹ ò sọ ìdí, mo bẹ̀rẹ̀ sí í ro nǹkan tí ò yẹ kí ọmọ rò. Mo rò ó pé bóyá ibì kan wà tí ẹ lọ nínú oṣù méje yẹn tí ẹ ò fẹ́ kí màámi mọ̀. Mo ti tọrọ ìdáríjì lọ́wọ́ Ọlọ́run, mo ń tọrọ tiyín.

Bí mo ṣe ń nu gíláàsì mọ́tò lọ́jọ́ Àìkú ni nǹkan sọ sí mi lọ́kàn. Lọ́dún tí wọ́n ní ẹ lọ sinmi, kíláàsì kẹrin ni mo wà. Bọ́ọ̀sì yín ni mò ń wọ̀ lọ sílé ìwé láràárọ̀. Ẹ máa ń ní kí n jókòó sórí àga tó wà lẹ́yìn yín, kí n má pè yín ní bàbá títí n ó fi sọ̀ kalẹ̀. Mo rò pé òfin mọ́tò ni. Ó dá mi lójú pé ọdún yẹn ni, nítorí ọdún yẹn ni eyín iwájú mi yọ tí ẹ̀ ń fi mí ṣẹ̀fẹ̀. Ẹ ò sinmi rárá. Iṣẹ́ lẹ ń ṣe.

Bí ọ̀rọ̀ bá wá rí bẹ́ẹ̀, kí lẹ tún ń fi ìbúra àwọn tó sinmi ṣe? Iṣẹ́ tí ẹ ṣe ni kí ẹ béèrè fún. Mo gba àdírẹ́sì lọ́yà lọ́wọ́ màámi, mo sì ti kọ̀wé sí i. Mo ní ẹlẹ́rìí ni mí, mo rí yín nídìí ọkọ̀ pẹ̀lú ojú ara mi, mo sì ṣe tán láti búra. Ẹ má bínú pé mi ò kọ́kọ́ bi yín. Mo mọ̀ pé rárá lẹ máa sọ.

Ọmọ yín.


Ọjọ́ kìíní, oṣù kẹrin

Ọmọ mi,

Mo kí ẹ.

Lọ́yà wa wá sílé lánàá, ìyá àgbàlagbà tó ń fi okùn so awò rẹ̀ mọ́rùn yẹn. Lẹ́tà rẹ wà lọ́wọ́ rẹ̀. Ó ní òun ò tíì fi í sí fáìlì, òun fẹ́ gbọ́ tẹnu mi ná. Ta ló rán ẹ níṣẹ́? Bí lẹ́tà yẹn bá dé iwájú adájọ́, o rò pé èmi nìkan ni nǹkan máa ṣẹlẹ̀ sí? Ilé onílé lo sọ òkúta sí. Mo mọ̀ pé o fẹ́ ràn mí lọ́wọ́. Ṣùgbọ́n awakọ̀ tó fẹ́ yà, á kọ́kọ́ wo dígí.

Mo ti bẹ lọ́yà kó ṣì di lẹ́tà náà mú. Mi ò ní kọ jù báyìí lọ. Ìyá rẹ ní kí n kí ẹ.

Bàbá rẹ.


Ọjọ́ kejìlá, oṣù kẹrin

Bàbá mi,

Mo dojú bolẹ̀. Ẹ má bínú sí mi. Mi ò mọ ilé ta ni mo sọ òkúta sí, ẹ ò sọ fún mi. Ẹ fi orí màámi jì mí. Mo ń dúró de lẹ́tà yín.

Ọmọ yín.


Ọjọ́ kẹrìnlá, oṣù karùn-ún

Bàbá mi,

Mo tún kí yín. Ó ti lé ní oṣù kan. Màámi ní ara yín le, ẹ̀ ń jẹun, ẹ sì ń bá onígbàjámọ̀ ṣeré, nítorí náà mo mọ̀ pé èmi lẹ kò fẹ́ bá sọ̀rọ̀. Ní gbogbo ibùdókọ̀ ni mo ti ń rò ó. Lánàá, mo kọjá ibì kan tó yẹ kí n dúró sí, ìyá kan sì fi ẹsẹ̀ rìn padà. Ẹ jọ̀ọ́, ìlà kan péré tó mi. Bó jẹ́ èébú ni, ẹ kọ ọ́.

Ọmọ yín.


Ọjọ́ kejì, oṣù kẹfà

Ọmọ mi,

Mo kí ẹ, ìyá mi. Ìbínú mi ti lọ tipẹ́. Ìtìjú ni ò jẹ́ kí n mú bírò. Kò rọrùn fún bàbá láti sọ fún ọmọ tí òun fúnra rẹ̀ kọ́ pé irọ́ ò dáa pé òun náà ti purọ́ rí, oṣù méje gbáko.

Ṣé o rántí Farabalẹ̀? Ọkùnrin gíga yẹn tó máa ń wá kí wa lọ́jọ́ Àìkú, tó máa ń gé èékánná sójú fèrèsé wa tí ìyá rẹ á máa kùn. Àwọn èrò ló sọ ọ́ lórúkọ yẹn nítorí bó ṣe ń rọra wakọ̀. Ẹni tó bá ń kánjú kì í wọ tirẹ̀. Òun la jọ ṣọ̀rẹ́ jù ní gáréèjì. Nígbà tí ilé iṣẹ́ ní kí ìdajì awakọ̀ lọ sinmi, orúkọ tèmi jáde, tirẹ̀ ò jáde. Kò tó ọ̀sẹ̀ méjì, ẹ̀yìn dá a dúbúlẹ̀. Kò lè dìde jókòó, ká má tíì sọ ti ìdí ọkọ̀. Lákòókò yẹn, ẹni tó bá pa iṣẹ́ jẹ ní ọjọ́ mẹ́ta, ìta ló ti máa bá ara rẹ̀. Èmi ní ara líle, mi ò níṣẹ́. Òun níṣẹ́, kò ní ara líle. Kí lo rò pé ọ̀rẹ́ méjì máa ṣe?

Mo so nọ́ńbà rẹ̀ mọ́ àyà. Láràárọ̀, akọ̀wé gáréèjì á máa pe nọ́ńbà àwọn awakọ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan. Bó bá ti pe Méjìdínlógójì, èmi á dáhùn. Akọ̀wé náà mọ̀. Ìwé rẹ̀ ló ń wò, kì í wo ojú mi. Owó oṣù ń bọ́ sọ́wọ́ Farabalẹ̀, a sì ń pín in sí méjì. Òun lo jẹ, òun lo fi lọ sílé ìwé. Farabalẹ̀ ò tíì bímọ nígbà náà, ìdí nìyẹn tí mo fi ní kí o má pè mí ní bàbá nínú ọkọ̀. Etí pọ̀ nínú bọ́ọ̀sì.

Ara rẹ̀ yá, wọ́n pe èmi náà padà, olúkúlùkù gba nọ́ńbà rẹ̀. Lẹ́yìn ọdún méjì, ibà pa á. Kò ṣàìsàn tó ọ̀sẹ̀ kan. Aṣọ iṣẹ́ rẹ̀ ṣì wà lórí okùn lọ́jọ́ tí a sin ín. Láti ọdún mọ́kàndínlógún ni ìyàwó rẹ̀, Ìyá Aránṣọ tó wà lẹ́yìn ilé ìtẹ̀wé, ti ń gba owó ìfẹ̀yìntì ọkọ rẹ̀. Gbogbo awakọ̀ ló mọ̀ pé bí ẹnì kan ò bá pé ọdún mẹ́wàá, ìyàwó rẹ̀ ò ní rí nǹkan kan gbà. Ọdún mẹ́wàá àti oṣù méjì ni ti Farabalẹ̀. Yọ oṣù méje tèmi kúrò, kó o wo ohun tó kù.

Ṣé o ti wá rí i? Bí mo bá búra pé mo sinmi, irọ́ ni mo fi Ọlọ́run gbè lẹ́sẹ̀. Bí mo bá ní mo ṣiṣẹ́, oúnjẹ opó ni mo gbà. Ìyá Aránṣọ náà mọ̀ nípa nọ́ńbà yẹn, ilé rẹ̀ ni mo ti ń wọ aṣọ iṣẹ́ ọkọ rẹ̀. Ṣùgbọ́n láti ọjọ́ ìsìnkú, a ò sọ ọ́ síra wa rí. Bí mo bá là á sí i lójú, á dà bíi pé mo ń ní kó gbé abọ́ rẹ̀ fún mi. Má rò pé ó ń dùn mí. Bí mo bá gba iwájú ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ kọjá tí mo gbọ́ tí ẹ̀rọ ìránṣọ ń dún, inú mi máa ń dùn títí mo fi ń délé.

Bàbá rẹ.


Ọjọ́ kejìlélógún, oṣù kẹfà

Bàbá mi,

Mo kí yín, mo tún yín kí. Ìparí ọ̀nà níbi tí a ti ń yí ọkọ̀ padà ni mo ti ka lẹ́tà yín. Èrò kan kan gíláàsì, ó ní kí ló ń pa mí lẹ́kún. Mo ní bàbá mi ni. Ó ní pẹ̀lẹ́, ìgbà wo ni wọ́n kú? Mo ní wọn ò kú, wọ́n kàn dáa jù ni. Ó wò mí, ó lọ jókòó sẹ́yìn pátápátá.

Mo ti kọ̀wé sí lọ́yà pé kó fa lẹ́tà mi ya. Ẹ wá jẹ́ kí n sọ ọ̀rọ̀ kan, ẹ má pè é ní àfojúdi. Ẹ bínú sí mi pé mo ṣe nǹkan nítorí yín láì bi yín. Ó yẹ kí ẹ bínú. Ṣùgbọ́n ọdún mọ́kàndínlógún lẹ̀yin náà ti fi ń ṣe nǹkan nítorí Ìyá Aránṣọ láì bi wọ́n. Nínú èmi àti ẹ̀yin, ta ló jẹ̀bi jù? Ẹ mọ ohun tí wọ́n ń jẹ, ẹ ò mọ ohun tí wọ́n ń rò. Ẹ lọ jókòó tì wọ́n, kí ẹ bi wọ́n. Bí wọ́n bá ní kí ọ̀rọ̀ náà kú, á kú, èmi náà ò ní gbé e sẹ́nu mọ́. Èmi á sì wá owó òrùlé.

Ọmọ yín.


Ọjọ́ kọkànlélógún, oṣù kẹjọ

Ọmọ mi àtàtà,

Mo kí ẹ, mo sì dúpẹ́ lọ́wọ́ ẹ. Ìyá rẹ jókòó tì mí níbí, ó ń sọ ohun tí mo máa kọ. Mi ò kọ ọ̀kankan nínú ẹ̀.

Ẹnu rẹ mú bí abẹ, ṣùgbọ́n òótọ́ lo sọ. Ọ̀sẹ̀ mẹ́ta ni mo fi ń múra kí n tó lè rìn dé ṣọ́ọ̀bù tí ò ju ìṣẹ́jú mẹ́wàá lọ. Mo bá Ìyá Aránṣọ níbi tó ti ń ṣẹ́ etí aṣọ fèrèsé kan. Mo ní ọ̀rọ̀ oṣù méje kan ni mo bá wá. Kò jẹ́ kí n sọ ọ́ tán. Ó ti ilẹ̀kùn ṣọ́ọ̀bù, ó ní, "Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má sọ ọ́ síta. Wọ́n á tì yín mọ́lé."

Mo ní, èmi ni wọ́n á tì mọ́lé? Ó ní àbí ta ni. Ó ní láti ọjọ́ tí ọkọ òun ti kú, òun kì í sùn dáadáa bí wọ́n bá ti ní kí àwọn opó mú ìwé wá fún àyẹ̀wò, nítorí bí ẹnì kan bá tú ìwé náà wò, èmi ni wọ́n máa mú. Nítorí tèmi ló ṣe dákẹ́. Èmi náà dákẹ́ nítorí tirẹ̀. A jókòó, a ń wo ara wa bí ẹni tó ti ń rìn ní òdì kejì ọ̀nà kan náà. Lẹ́yìn náà ló mú ìbòrí rẹ̀, ó ní ká lọ bá lọ́yà, ohun tó bá gbà kó gbà, òun ò fẹ́ dákẹ́ mọ́.

Lọ́yà gbọ́ wa títí dé òpin. Ó bọ́ awò, ó nù ún, ó tún wọ̀ ọ́, ó fa ìwé òfin kan yọ. Ó béèrè pé ta ló sọ ọ̀rọ̀ ọdún mẹ́wàá fún mi. Mo ní gbogbo awakọ̀ ló mọ̀ ọ́n. Ó ní gbogbo awakọ̀ ò kà á. Ẹni tó fọwọ́ ara rẹ̀ fi iṣẹ́ sílẹ̀ ni ọdún mẹ́wàá wà fún. Ẹni tó bá kú sẹ́nu iṣẹ́, ìbáà jẹ́ ọjọ́ kan ló fi ṣe é, ìyàwó rẹ̀ gbọ́dọ̀ gbà. Ọmọ mi, kò sí ẹni tó lè fọwọ́ kan oúnjẹ Ìyá Aránṣọ láti ìbẹ̀rẹ̀. Òun ló kọ́kọ́ rẹ́rìn-ín. Ó rẹ́rìn-ín títí lọ́yà fi bu omi fún un.

Ọjọ́bọ̀ tó kọjá la lọ sí kóòtù. Lọ́yà ti ní kí ilé iṣẹ́ kó ìwé àìsàn mọ́tò wá, ìyẹn ìwé tí awakọ̀ máa ń kọ ohun tó bá ṣe mọ́tò sí kó tó lọ sílé. Oṣù méje ni ọwọ́ ìkọ̀wé mi wà níbẹ̀: búréèkì ń ké, ilẹ̀kùn ẹ̀yìn ò pa dé, àga kẹta ti ya. Lọ́yà ilé iṣẹ́ ní kí ló kan èmi níbẹ̀, nọ́ńbà ẹlòmíràn ló wà lókè ìwé. Adájọ́ ní kí akọ̀wé kóòtù ka ojú ìwé àkọ́kọ́. Akọ̀wé náà dìde, ó gbé ohùn sókè, ó ní, "Méjìdínlógójì."

Mi ò mọ ìgbà tí mo dìde. Mo ní, "Èmi nìyí, sà."

Àwọn awakọ̀ tó wà lẹ́yìn bú sẹ́rìn-ín. Adájọ́ ní kí n máa bọ̀ níwájú, kí n wá sọ tẹnu mi. Mo sọ ọ́ láti orí dé ìdí, mi ò bu iyọ̀ sí i. Lọ́yà ilé iṣẹ́ ní ẹ̀tàn ni. Adájọ́ ní òun ti dájọ́ ẹni tó jí owó, òun ti dájọ́ ẹni tó jí mọ́tò, òun ò tíì rí ẹni tó jí iṣẹ́ ṣe. Ó bi lọ́yà ilé iṣẹ́ bóyá bọ́ọ̀sì náà gbéra láàárọ̀. Ó ní ó gbéra. Ó bi í bóyá èrò dé ibi tí wọ́n ń lọ. Ó ní wọ́n dé. Adájọ́ ní ó dáa, bí àwọn mọ́kànlélọ́gọ́ta tí ilé iṣẹ́ lé lọ sílé bá máa gba oṣù méje wọn, òun ò rí ìdí tí ẹni tó ṣiṣẹ́ fi máa pàdánù tirẹ̀. Gbogbo wa pátá la jàre. Ọdún márùndínlọ́gbọ̀n àti oṣù mẹ́ta ni bàbá rẹ fi wakọ̀, ó ti wà nínú ìwé.

Nígbà tí a jáde, Ìyá Aránṣọ dúró dè mí lórí àtẹ̀gùn. Ó ní ọjọ́ tó ti wu òun láti dúpẹ́ ti pẹ́, ṣùgbọ́n bí òun bá dúpẹ́ nígbà yẹn, ìjẹ́wọ́ ni, ẹnì kan lè gbọ́. Ó di ọwọ́ mi méjèèjì mú lójú gbogbo àwọn tó ń kọjá. Ó ní, "Ẹ ṣé tí ẹ bá wa wakọ̀."

Mo ti fẹ́ sọ pé kò tọ́pẹ́, bí gbogbo èèyàn ṣe máa ń sọ. Ọ̀rọ̀ náà ti dé ẹnu mi, mi ò sọ ọ́. Ó tọ́pẹ́, ọmọ mi. Omi bọ́ lójú mi, mo sì dá a lóhùn pé mo gbọ́ ọpẹ́ rẹ̀.

Bàbá rẹ.